Bẹ́ ẹ bá fẹ́ kọ ètò àkànṣe nípa olórin kọ́ńtìrì, etí lẹ máa kọ́kọ́ lò

Ẹ̀yin èèyàn mi, iṣẹ́ tí mo fẹ́ràn jù ni mo fẹ́ bá yín sọ, ìyẹn kíkọ ètò àkànṣe orí tẹlifíṣọ̀n nípa àwọn olórin kọ́ńtìrì Amẹ́ríkà. Ohun tí mo sábà máa ń rí ni pé ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀ á jókòó ti kọ̀ǹpútà, á kọ ọdún tí wọ́n bí olórin, àwo tó kọ́kọ́ gbé jáde, àmì ẹ̀yẹ tó gbà, ẹni tó fẹ́, ẹni tó kọ̀ sílẹ̀, títí á fi dórí ikú ẹ̀, á wá máa fi orin há àárín wọn níkọ̀ọ̀kan, ó parí nìyẹn, tó bá sì fi máa di ọjọ́ kejì kò sẹ́ni tó rántí nǹkan kan níbẹ̀. Ìtàn ìgbésí ayé kọ́ là ń kọ. Iṣẹ́ tiwa ni pé ká mú òǹwòran débi tí orin tó ti gbọ́ títí tó fẹ́rẹ̀ẹ́ sú u á fi dà bíi pé ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbọ́ ọ lónìí. Gbogbo ohun tí mo bá sọ nísàlẹ̀ yìí, ibẹ̀ ló ń lọ.

Ẹ kọ́kọ́ bi olóòtú irú ètò tó ń ṣe, torí orúkọ kan náà ni wọ́n ń pè é àmọ́ iṣẹ́ inú ẹ̀ ò dọ́gba. Tó bá jẹ́ ti orin ní gbangba, bí èyí tí Garth Brooks ṣe ní Central Park, New York, lóṣù August 1997 tí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n HBO gbé e sáfẹ́fẹ́ bó ṣe ń lọ lọ́wọ́, orin ló ni gbogbo ẹ̀, ohun tẹ́ ẹ máa kọ ò lè ju ìkíni àti ọ̀rọ̀ díẹ̀ láàárín orin. Tó bá jẹ́ ti Kérésìmesì, irú èyí tí Johnny Cash ń ṣe fún CBS nígbà yẹn lọ́hùn-ún, ẹbí á wà ńbẹ̀, àlejò á wà, eré kékeré á wà, ẹ ó kọ̀wé dáadáa. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni ti àpọ́nlé, níbi tí olórin kan wà láàárín, tí ìtàn ẹ̀ àti orin ẹ̀ jọ ń rìn, ìyẹn ni mo máa dúró lé. Ẹ má fi Country Music, ètò ìtàn tí Ken Burns ṣe ní 2019, ṣe àpẹẹrẹ o, èyí tí Dayton Duncan kọ tí PBS gbé jáde, mo fẹ́ràn ẹ̀ gan-an, àmọ́ apá 8 ni, wákàtí 16 gbáko. Ẹ̀yin ò ní wákàtí 16.

Wákàtí kan lẹ ní, òun náà ò pé. Lórí tẹlifíṣọ̀n tó ń gbé ìpolówó ọjà ní Amẹ́ríkà, tẹ́ ẹ bá yọ ìpolówó kúrò, ohun tó kù ò ju bí ìṣẹ́jú 42 sí 44 lọ. Ẹ jẹ́ ká ṣírò ẹ̀. Orin 7, ìṣẹ́jú 3 lọ́kọ̀ọ̀kan, 21 ti lọ. Ẹ yọ àtẹ́wọ́ kúrò, ẹ yọ ìbẹ̀rẹ̀ àti orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ ní ìparí kúrò, ó kù bíi 15 fún ọ̀rọ̀, olórin fúnra ẹ̀ àtàwọn tó mọ̀ ọ́n ló sì gbọ́dọ̀ ni èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀. Kí ló kù fún atọ́kùn? Bí ìṣẹ́jú 6. Atọ́kùn tó ń sọ̀rọ̀ bí èèyàn, tí kò sáré, á sọ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì bíi 150 níṣẹ́jú kan, torí náà 900 ọ̀rọ̀ péré ni gbogbo ohun tẹ́ ẹ máa kọ fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ẹni tó bá ti kọ ẹgbẹ̀rún mẹ́ta, ẹlòmíì ló máa bá a gé e, wọ́n á sì gé ibi tó dùn. Àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí, òǹwòran kọ́ńtìrì sì mọ ìtàn orin yìí ju bẹ́ ẹ ṣe rò lọ, ẹ jẹ́ kó fi tiẹ̀ kún un.

Kí ẹ tó ka ìwé kankan nípa olórin yẹn, ẹ gbọ́ orin ẹ̀ ná. Gbogbo ẹ̀, kì í ṣe àwọn tó lókìkí nìkan, láti àwo àkọ́kọ́ dé èyí tó kẹ́yìn, ní bí wọ́n ṣe tò wọ́n. Èmi máa ń ní bébà kan lọ́wọ́ tí mo pín sí méjì, apá kan fún ohun tó ń tún wá lẹ́nu ẹ̀ léraléra (ìyá, ọkọ̀ ojú irin, ọtí, ilé ìjọsìn, odò kan báyìí), apá kejì fún ohun tí mo rò pé ó yẹ kó sọ tí kò sọ rárá. Apá kejì yẹn ló máa ń wúlò jù fún mi, torí ibi tí olórin ò bá ti fẹ́ dé, ibẹ̀ ni ìbéèrè tó dáa sábà máa ń wà. Lẹ́yìn náà lẹ wá lè lọ ka ìwé, kẹ́ ẹ wo fídíò àtijọ́, kẹ́ ẹ kọ̀wé sí Country Music Hall of Fame and Museum ní Nashville tí wọ́n kó fọ́tò, ìwé àti ohùn jọ sí.

Tẹ́ ẹ bá ṣèyẹn tán, okùn kan ṣoṣo tó so gbogbo ìtàn ẹ̀ pọ̀ lẹ ń wá. Ẹ jẹ́ n fi Charley Pride ṣàlàyé, torí mo fẹ́ràn ọkùnrin yẹn.

Wọ́n bí i ní 1934 ní Sledge, ìpínlẹ̀ Mississippi, orí ilẹ̀ onílẹ̀ ni bàbá ẹ̀ ti ń gbin òwú, òun náà já òwú. Bàbá yìí ní rédíò, Grand Ole Opry, ètò orin kọ́ńtìrì orí rédíò tó ń wá láti Nashville, ló máa ń gbọ́ níbẹ̀. Ọmọ yẹn dàgbà, ó gbá baseball nínú líìgì àwọn aláwọ̀ dúdú, ó lọ ṣiṣẹ́ níbi tí wọ́n ti ń yọ́ òjé ní Montana, ó ń kọrin lálẹ́, títí Chet Atkins fi mú un wọ RCA, ilé iṣẹ́ rẹ́kọ́ọ̀dù tó ti jẹ́ ọ̀gá. Nígbà tí rẹ́kọ́ọ̀dù ẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní 1966, wọ́n fi ránṣẹ́ sáwọn ilé iṣẹ́ rédíò láìfi fọ́tò ẹ̀ sí i, kí ẹnikẹ́ni má bàa kọ̀ ọ́ torí àwọ̀ ara ẹ̀. Ìgbà tó wá lọ kọrin ní Detroit, wọ́n pe orúkọ ẹ̀, àwọn èrò pàtẹ́wọ́, ó jáde síta, àtẹ́wọ́ yẹn kú díẹ̀díẹ̀, gbogbo ibẹ̀ wá pa lọ́lọ́. Ó fi àwọ̀ ara ẹ̀ ṣẹ̀fẹ̀ fún wọn, ara wọn wálẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin. Ní 1971 ẹgbẹ́ CMA (Country Music Association) fún un ní àmì ẹ̀yẹ tó ga jù tí wọ́n ní, Entertainer of the Year.

Ẹni tó bá ń tò ó lọ́dọọdún á rí gbogbo èyí, kò sì ní rí nǹkan kan. Àmọ́ ẹ wò ó dáadáa: rédíò bàbá ẹ̀, ohùn tí kò lójú. Rẹ́kọ́ọ̀dù 1966, ohùn tí kò lójú. Detroit, ojú náà jáde. Okùn yín nìyẹn. Tẹ́ ẹ bá sì ti di okùn yẹn mú, nǹkan míì á máa wá bá yín fúnra ẹ̀, bí DeFord Bailey, aláwọ̀ dúdú tó ń fun hàmóníkà lórí Opry láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀ títí wọ́n fi dá a dúró ní 1941, àwọn tó ń gbọ́ ọ nílé ò rí ojú tiẹ̀ náà. Ọmọ ọdún méje ni Charley nígbà yẹn. Ẹ ò ní láti ṣàlàyé ìyẹn títí, gbólóhùn kan tó.

Okùn yẹn náà ló máa sọ fún yín bí ètò ṣe máa bẹ̀rẹ̀. Èmi á bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ nínú òkùnkùn, iná kékeré ara rédíò nìkan là ń rí, orin ń jáde, ariwo afẹ́fẹ́ ń jáde, mi ò ní jẹ́ kí òǹwòran rí ojú Charley Pride lórí ìtàgé títí a ó fi dé Detroit, bóyá ní ìṣẹ́jú kọkànlá. Baseball? Ogójì ìṣẹ́jú àáyá. Montana? Fọ́tò kan. Mo mọ̀ pé ó dùn yín torí ìtàn baseball yẹn dáa gan-an, àmọ́ kò sí lórí okùn, ẹ fi sílẹ̀ fún ẹlòmíì.

Ohun kejì tẹ́ ẹ máa wá ni nǹkan téèyàn lè fojú rí. Tẹlifíṣọ̀n ni, kì í ṣe rédíò. Dolly Parton kọ orin nípa ẹ̀wù tí ìyá ẹ̀ fi àkísà oríṣiríṣi rán fún un nígbà tó wà lọ́mọdé ní Tennessee, ẹ̀yìn ìwé ilé ìfọṣọ, ìyẹn rìsíìtì aṣọ Porter Wagoner, olórin tó jẹ́ ọ̀gá ẹ̀ nígbà yẹn, ló kọ ọ́ sí nínú bọ́ọ̀sì. Ẹ rò ó wò: orin aṣọ ọmọ tálákà, lẹ́yìn rìsíìtì aṣọ olówó tó ń dán yinrin. Kí lẹ tún fẹ́ kọ? Ẹ gbé kámẹ́rà síbẹ̀ kẹ́ ẹ dákẹ́. Bákan náà ni orí ìtàgé Opry. Nígbà tí wọ́n kúrò ní Ryman Auditorium, gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń ṣe é ní Nashville, lọ sí ilé tuntun lóṣù March 1974, wọ́n gé pákó roboto kan tó fẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà 6 láti orí ìtàgé àtijọ́, wọ́n sì tẹ́ ẹ sáàárín tuntun, orí ẹ̀ làwọn olórin ń dúró sí dòní. Tí olórin yín bá ti débẹ̀ rí, bàtà ẹ̀ lórí pákó yẹn tó ìṣẹ́jú mẹ́ta ọ̀rọ̀.

Ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò wá ńkọ́. Ẹnu oníkàn la ti ń gbọ́ pọ̀ún. Ẹ kọ́kọ́ bá olórin sọ̀rọ̀ lórí fóònù kí kámẹ́rà tó dé, ẹ jẹ́ kó rojọ́, kẹ́ ẹ máa kọ ibi tí ohùn ẹ̀ ti yí padà sílẹ̀, àmọ́ ẹ má jẹ́ kó sọ ìtàn tó dáa jù yẹn tán lórí fóònù, tó bá ti sọ ọ́ fún yín lẹ́ẹ̀kan, iwájú kámẹ́rà á máa sọ ọ́ bí ẹni ń ka ìwé ni. Ẹ sì fi ìbéèrè "báwo ló ṣe rí lára yín" sílẹ̀ jàre, àwọn èèyàn yìí ti dáhùn ẹ̀ títí ó ti sú wọn. Ẹ bi í pé ta ló wà nínú yàrá yẹn, àga wo ló jókòó sí, kí ni wọ́n jẹ, ta ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Tó bá ń sọ̀rọ̀ àga, ohun tó rí lára ẹ̀ á jáde fúnra ẹ̀. Tó bá sì sọ gbólóhùn tó ju tiyín lọ, ẹ pa tiyín rẹ́. Lójú ẹsẹ̀ ni o.

Mo fẹ́ sọ èyí pẹ̀lú gbogbo ọkàn mi: ẹ má kọ Gẹ̀ẹ́sì ará oko tẹ́ ẹ fúnra yín hùmọ̀ fún àwọn olórin wọ̀nyí. Inú ìṣẹ́ ni ọ̀pọ̀ wọn ti wá, Loretta Lynn ọmọ awakùsà ní Butcher Hollow ní Kentucky, Johnny Cash nínú oko òwú ní Dyess, Arkansas, wọ́n mọ ìgbà téèyàn bá ń fi ọ̀rọ̀ ẹnu wọn ṣeré. Àwọn tó ń ṣe Hee Haw, ètò ẹ̀fẹ̀ àti orin kọ́ńtìrì orí tẹlifíṣọ̀n, láti 1969, Buck Owens àti Roy Clark àtàwọn yòókù, àwọn ló ń fi ara wọn ṣẹ̀fẹ̀, onílé ni wọ́n. Ẹ̀yin kì í ṣe onílé. Ẹ tẹ́tí sí bí ẹni náà ṣe ń gé ọ̀rọ̀, bí gbólóhùn ẹ̀ ṣe gùn tó, kẹ́ ẹ kọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì tó tọ́ tó máa rọ̀ ọ́ lẹ́nu, ìyẹn tó. Tẹ́ ẹ bá kọ ọ́ tán, ẹ kà á síta. Ibi tẹ́ ẹ bá ti mí lẹ́ẹ̀mejì nínú gbólóhùn kan, ẹ gé e.

Ọ̀rọ̀ tó máa ń ṣíwájú orin ló le jù. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni kéèyàn sọ ohun tí orin fẹ́ sọ kí orin tó sọ ọ́, "orin tó kàn yìí dá lórí ẹni tó fẹ́ fi olólùfẹ́ ẹ̀ sílẹ̀," ẹ ti ba orin jẹ́ nìyẹn. Ohun tó ṣẹlẹ̀ kí orin tó wáyé ni kẹ́ ẹ sọ, kẹ́ ẹ sì dúró nígbà tó kù díẹ̀. Ẹ jẹ́ ká padà sọ́dọ̀ Dolly. Láti 1967 ló ti wà nínú ètò tẹlifíṣọ̀n Porter Wagoner, ó wá fẹ́ máa dá ṣe tiẹ̀, Porter ò fẹ́ gbọ́, wọ́n ń bára wọn jà lórí ẹ̀. Atọ́kùn lè sọ báyìí pé: "Wọ́n ti jiyàn títí, kò gbọ́. Ó lọ sílé. Ó jókòó, ó kọ nǹkan kan. Nígbà tilẹ̀ mọ́, ó gbé gìtá, ó wọ ọ́fíìsì ọ̀gá ẹ̀, ó ní kó jókòó." Ó tán. Orin bẹ̀rẹ̀. Gbogbo ayé mọ orin yẹn, I Will Always Love You, àmọ́ báyìí wọ́n á gbọ́ ọ bí Porter ṣe gbọ́ ọ, lórí àga, ní ọ́fíìsì, láàárọ̀. Ẹ rí i pé mi ò sọ̀rọ̀ ìfẹ́, mi ò sọ̀rọ̀ ìdágbére, mi ò sọ pé ó sunkún.

Ọ̀rọ̀ àṣẹ orin báyìí, ẹ má fojú kéré ẹ̀. Orin kan ní oníǹkan méjì: ẹni tó ni ọ̀rọ̀ àti ohùn orin, ìyẹn ẹni tó kọ ọ́ àti ilé iṣẹ́ tó ń bójú tó ìwé orin ẹ̀, àti ẹni tó ni rẹ́kọ́ọ̀dù tí wọ́n gbà sílẹ̀. Tí olórin bá tún un kọ tuntun níwájú kámẹ́rà yín, ẹ lè má nílò àṣẹ oní-rẹ́kọ́ọ̀dù mọ́, àmọ́ ti oní-ìwé orin ò kúrò ńlẹ̀. Fídíò àtijọ́ tún le jù, torí ẹni tó ni fídíò yàtọ̀ sí ẹni tó ni orin inú ẹ̀. Nígbà kan mo kọ apá kan tó wù mí gan-an, orí orin kan ṣoṣo ni gbogbo ẹ̀ dúró lé, ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò ti wà ńlẹ̀, fọ́tò ti wà ńlẹ̀, ó ku ọ̀sẹ̀ méjì ká gbà á sílẹ̀ ni oní-orin ní òun ò fún wa, owó tí wọ́n wá béèrè nígbà tá a bẹ̀ wọ́n kọjá ohun tó wà lọ́wọ́ wa pátápátá. Mo sunkún lálẹ́ ọjọ́ yẹn, mi ò purọ́. Látìgbà yẹn, tí okùn bá ti jáde, mo máa ń to orin tí mo fẹ́ síwé, mo sì máa ń fi méjì tàbí mẹ́ta kún un tó lè rọ́pò, ó di ọwọ́ ẹni tó ń wá àṣẹ kí n tó kọ gbólóhùn kan.

Bébà script fúnra ẹ̀ rọrùn. Ẹ pín ojú ìwé sí méjì, òsì fún ohun tí ojú ń rí, ọ̀tún fún ohun tí etí ń gbọ́, ẹ kọ iye ìṣẹ́jú sí etí ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá rí i pé ọ̀tún kún bámúbámú tí òsì sì ṣófo, rédíò lẹ kọ. Ní gbogbo ibi tí ìpolówó ọjà bá ti máa wọlé, ẹ dúró níbi tí nǹkan ò tíì yanjú: àtẹ́wọ́ Detroit ń kú lọ, ìpolówó. Ẹ má fi àlàyé parí apá kankan.

Ẹ wá wádìí o, torí ìtàn kọ́ńtìrì kún fún àgbọ́sọ. Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé Johnny Cash ti ṣẹ̀wọ̀n ní ọgbà ẹ̀wọ̀n Folsom kó tó lọ gba àwo sílẹ̀ níbẹ̀ ní January 13, 1968. Kò ṣẹ̀wọ̀n níbẹ̀ rí, kò tiẹ̀ ṣẹ̀wọ̀n gígùn níbì kankan, alẹ́ kọ̀ọ̀kan ló ti sùn sí àtìmọ́lé. Àwọn olórin fúnra wọn máa ń bù mọ́ ìtàn, kì í ṣe irọ́ láti fi tanni jẹ, wọ́n ti sọ ọ́ títí ó ti dàgbà lẹ́nu wọn ni. Ẹ wá ẹ̀rí méjì tí kò mọ ara wọn. Tí òtítọ́ bá yàtọ̀ sí àgbọ́sọ, òtítọ́ ló sábà máa ń dáa jù fún ètò, ọkùnrin tí kì í ṣe ẹlẹ́wọ̀n tó sì lọ kọrin fún ẹlẹ́wọ̀n, ìyẹn lágbára ju ti ẹlẹ́wọ̀n àná lọ lójú tèmi.

Àlejò ńkọ́? Ẹ má pe ẹni tó lókìkí nìkan, ẹ pe ẹni tó mọwọ́ olórin yẹn. Bob Dylan àti Joni Mitchell wà lára àwọn àlejò ètò Johnny Cash lórí ABC lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ẹ̀ lóṣù June 1969, inú Ryman ni wọ́n ti gbà á sílẹ̀, Cash àti Dylan ti mọwọ́ ara wọn tipẹ́ kó tó dọjọ́ yẹn, ó hàn nínú bí wọ́n ṣe jókòó. Ẹ bi àlejò pé orin wo ló jí lọ́wọ́ olórin yìí, kẹ́ ẹ jẹ́ kó kọ ìyẹn. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n máa jọ sọ, ẹ kọ kókó méjì fún wọn, kẹ́ ẹ fi àyè sílẹ̀.

Ó ku ìparí. Charley Pride dé orí ìtàgé CMA ní Nashville lóṣù November 2020, wọ́n fún un ní àmì ẹ̀yẹ, ó kọrin pẹ̀lú ọ̀dọ́mọkùnrin olórin Jimmie Allen, ó ti lé lọ́dún 86. Ní December 12 ọdún yẹn, àrùn Kòrónà pa á. Tó bá jẹ́ èmi ni mò ń kọ ọ́, lójú ìwé tó kẹ́yìn, òsì á ní ojú ẹ̀ ní alẹ́ ọjọ́ yẹn, ojú ẹ̀ nìkan, ó sún mọ́ wa dáadáa, ó ń kọrin, lẹ́yìn náà rédíò inú òkùnkùn ti ìbẹ̀rẹ̀ yẹn, iná ara ẹ̀ kú. Ọ̀tún á ní orin títí tó fi tán. Mi ò ní kọ nǹkan kan fún atọ́kùn.